Ilẹ̀ Tí Wọ́n Pè Ní Ayérayé: Ìtàn Ìmọ̀ Ilẹ̀ Dídì Ní Sìbéríà

Ìfáárà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ilé là á wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Òwe yìí kò mọ sórí ọmọ ènìyàn nìkan. Ohunkóhun tí ẹ̀dá bá fẹ́ fún lórúkọ, ó yẹ kí ó kọ́kọ́ wò ó dáadáa, nítorí orúkọ a máa ro ọmọ, a sì máa ro ẹni tó ń pe ọmọ náà pẹ̀lú. Bí wọ́n bá sọ ohun kan ní orúkọ tó tóbi jù ú lọ, kò ní í pẹ́ tí àwọn tó ń pè é bẹ́ẹ̀ yóò bẹ̀rẹ̀ sí í hùwà sí i bí ẹni pé òótọ́ pátápátá ni orúkọ náà.

Ilẹ̀ kan wà ní apá àríwá ayé tí ó jẹ́ àpẹẹrẹ ọ̀rọ̀ yìí. Ilẹ̀ náà dì gbagidi bí òkúta. Nígbà ooru, òkè rẹ̀ a máa yọ́ ní ìwọ̀nba mítà kan tàbí méjì. Koríko á hù, igi á rú ewé, ẹ̀fọn á sì máa kùn. Ṣùgbọ́n nísàlẹ̀ gbòǹgbò àwọn igi wọ̀nyẹn, omi wà nínú iyẹ̀pẹ̀ tí kò tíì yọ́ láti ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún wá. Oríkì tí Yorùbá ń ki ilẹ̀ fi í hàn bí ẹni tó ń fi ọkọ́ yẹrí. Ilẹ̀ tí à ń wí yìí kò gbà kí ọkọ́ kan òun. Irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ gba nǹkan bí ìdá 65 nínú ọgọ́rùn-ún ilẹ̀ Rọ́ṣíà. Ó wà ní Alaska, ní àríwá Kánádà, ní Greenland, àti lórí àwọn òkè gíga Tibet. Ní apá òkè odò Markha ní ilẹ̀ Yakutia, dídì náà wọ inú ilẹ̀ lọ tó nǹkan bí 1,500 mítà.

Àwọn ará Rọ́ṣíà sọ ọ́ ní vechnaya merzlota, èyí tó túmọ̀ sí dídì ayérayé. Kò sí irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ ní sàkáání ilẹ̀ Yorùbá, nítorí náà kò sí orúkọ tí àwọn baba ńlá fi sílẹ̀ fún un. Yìnyín wà nínú èdè nítorí pé ó máa ń bá òjò rọ̀. Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì lo òjò-dídì fún èyí tí ojú àwọn ará ilé kò rí rí. Ilẹ̀ dídì ni kò tíì ní orúkọ tó fìdí múlẹ̀. Kí ẹnikẹ́ni tó dábàá orúkọ fún un ní Yorùbá, ó yẹ kí ó mọ ìtàn rẹ̀, kí ó sì mọ ohun tí ojú àwọn tó kọ́kọ́ sọ ọ́ lórúkọ rí.

Àwọn tó ń gbé orí rẹ̀

Ó ti pẹ́ tí àwọn ènìyàn ti ń gbé lórí ilẹ̀ yìí kí onímọ̀ ìwé kankan tó gbọ́ nípa rẹ̀. Lára wọn ni àwọn Sakha, tí àwọn ará Rọ́ṣíà ń pè ní Yakut. Èdè wọn bá èdè àwọn ará Tọ́kì tan. Láti agbègbè adágún Baikal ni àwọn baba ńlá wọn ti ṣí lọ sí àríwá, tí wọ́n da ẹṣin àti màlúù dání títí wọ́n fi tẹ̀dó sí àfonífojì odò Lena. Ní ibi tí wọ́n dúró sí yìí, oṣù Ṣẹẹrẹ lè tutù dé nǹkan bí ìwọ̀n -40 lórí òṣùwọ̀n Celsius, oṣù Agẹmọ sì lè móoru bí ọ̀sán ilẹ̀ olóoru.

Àwọn Sakha kò kọ ìwé nípa ilẹ̀ dídì, ṣùgbọ́n èdè wọn ti pín in sí ọ̀nà púpọ̀. Buluus ni kòtò tí wọ́n gbẹ́ sínú ilẹ̀ dídì láti fi tọ́jú ẹran, ẹja àti yìnyín tí wọn yóò yọ́ mu. Bulgunnyakh ni òkè kékeré tí yìnyín inú ilẹ̀ tì sókè bí ìgbà tí ara ènìyàn bá wú. Alaas ni pẹ̀tẹ́lẹ̀ róbótó tó rì sísàlẹ̀ láàárín igbó, tí adágún omi máa ń wà nínú rẹ̀, tí koríko tútù sì yí i ká. Inú alaas ni ẹṣin àti màlúù wọn ti ń jẹ, etí rẹ̀ sì ni ìdílé máa ń kọ́lé sí.

Nígbà tí àwọn onímọ̀ wá yẹ alaas wò lẹ́yìn náà, wọ́n rí i pé ibi tí yìnyín púpọ̀ ti yọ́ lábẹ́ ilẹ̀ láyé àtijọ́ ni. Bí yìnyín ṣe yọ́, ilẹ̀ òkè rì, omi dúró síbẹ̀, adágún ń gbẹ díẹ̀díẹ̀, koríko sì gba ibẹ̀. Èyí túmọ̀ sí pé ibi tí ilẹ̀ dídì ti kùnà láti dì mọ́ ni ibi tó fún àwọn Sakha ní oúnjẹ. Ọ̀rọ̀ náà wọ inú ìwé àwọn onímọ̀ gbogbo ayé, bí bulgunnyakh náà ṣe wọ inú ìwé àwọn ará Rọ́ṣíà. Nígbà tí àwọn ará Kánádà ń wá orúkọ fún irú òkè kékeré yìí kan náà, A. E. Porsild mú ọ̀rọ̀ pingo lò ní 1938 láti inú èdè àwọn ọmọ ìbílẹ̀ àríwá Kánádà. Bí ọmọdé bá ní aṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. Ìmọ̀ tuntun yìí kò lè ṣe kó má padà tọrọ ọ̀rọ̀ lẹ́nu àwọn àgbà ilẹ̀.

Kànga tí kò lómi

Ní 1632, àwọn ọmọ ogun Cossack tí wọ́n ń wá awọ ẹran olówó iyebíye fún ọba Rọ́ṣíà kọ́ odi ológun sí etí odò Lena. Odi yìí ló di ìlú Yakutsk. Láàárín ọdún 1640 sí 1649, àwọn aṣojú ọba ní ìlú náà ránṣẹ́ sí Moscow pé kò sí bí àwọn ṣe lè dáko ọkà níbẹ̀, pé ilẹ̀ kì í yọ́ tán kódà nígbà ooru. Ọ̀rọ̀ àwọn aláṣẹ tó ń ṣe àwíjàre fún àìrí-oúnjẹ ni ìròyìn yìí jọ létí àwọn tó kà á, wọn kò sì wá ìdí rẹ̀ síwájú.

Ní nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún lẹ́yìn náà ni Johann Georg Gmelin dé Yakutsk. Ọmọ ilẹ̀ Jámánì ni, onímọ̀ ewéko sì ni, ó sì wà lára àwọn tí ìjọba Rọ́ṣíà rán jáde láti lọ wo gbogbo Sìbéríà. Ní 1736 ó dé ibẹ̀, ó sì kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ pé ilẹ̀ dì lábẹ́ igbó àti koríko. Àwọn ọ̀mọ̀wé Yúróòpù púpọ̀ kò gbà á gbọ́. Ọ̀kan nínú àwọn àgbà onímọ̀ ilẹ̀ àkókò náà, Leopold von Buch, kọ ìròyìn náà sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí èyí tí kò ṣe é gbé ara lé. Lójú tirẹ̀, ibi tí igi bá ti ń hù, ilẹ̀ abẹ́ rẹ̀ kò lè dì. Von Buch kò dé Yakutsk rí. Ọ̀rọ̀ ẹni tó dé oko kò tó láti ṣẹ́gun ọ̀rọ̀ ẹni tó lókìkí ní ìlú.

Ẹni tó yanjú ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ọ̀mọ̀wé. Fyodor Shergin ni orúkọ rẹ̀, oníṣòwò ni, ó sì ń ṣojú Ilé-iṣẹ́ Rọ́ṣíà òun Amẹ́ríkà ní Yakutsk. Omi mímu ni Shergin ń wá. Ní 1828 ó ní kí wọ́n gbẹ́ kànga sí àgbàlá. Wọ́n gbẹ́ ẹ títí, wọn kò kan omi. Iyẹ̀pẹ̀ dídì ni wọ́n ń bá. Ó ti fẹ́ pa iṣẹ́ náà tì kí Ferdinand von Wrangel, ọ̀gágun ojú omi tó ń kọjá lọ láti di gómìnà ilẹ̀ Rọ́ṣíà ní Amẹ́ríkà, tó gbà á níyànjú pé kó máa bá a lọ nítorí ìmọ̀. Nígbà tí wọ́n dáwọ́ dúró ní 1837, kànga náà ti jìn tó 116 mítà. Ìsàlẹ̀ rẹ̀ ṣì dì.

Shergin kò rí omi tó ń wá. Ohun tó rí ju omi lọ: ó fi ọwọ́ ènìyàn gbẹ́ ẹ̀rí tí ẹnikẹ́ni kò tún lè fi ẹnu lásán já ní koro.

Ìwé tó sùn fún 158 ọdún

Ìròyìn kànga yìí dé etí Karl Ernst von Baer ní Akadẹ́mì Ìmọ̀ Sáyẹ́ǹsì ti St. Petersburg. Ọmọ ilẹ̀ Estonia ni Baer, ó sì ti gba òkìkí fún iṣẹ́ rẹ̀ lórí bí ọlẹ̀ ṣe ń dàgbà nínú ìyá. Ó mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ohun ńlá ni kànga Shergin. Ní 1838, ó fi ìròyìn nípa ilẹ̀ dídì Sìbéríà ránṣẹ́ sí Ẹgbẹ́ Ọba fún Ìmọ̀ Ilẹ̀-Ayé ní Lọ́ńdọ̀nù. Lẹ́yìn èyí, ó jókòó, ó ṣa gbogbo ohun tí àwọn arìnrìn-àjò ti kọ nípa ilẹ̀ náà jọ, ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó fi ààlà rẹ̀ hàn, ó sì béèrè bí ó ṣe jinlẹ̀ tó àti ìdí tó fi dì. Odindi ìwé kan ni. Wọ́n ti to àwọn lẹ́tà rẹ̀ fún ìtẹ̀wé ní 1843, ṣùgbọ́n ìwé náà kò jáde. Ẹ̀dà rẹ̀ kan wà ní ilé ìkówèésí Yunifásítì Giessen ní Jámánì. Ibẹ̀ ni wọ́n ti mú un jáde, tí wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ fún aráyé kà ní 2001.

Ìwé àkọ́kọ́ tó kó ìmọ̀ ilẹ̀ dídì jọ sójú kan sùn fún ọdún 158. Àwọn tó wá lẹ́yìn Baer tún bẹ̀rẹ̀ ohun tí ó ti parí. Nínú orúkọ ìwé náà, Baer pe ohun tó ń kọ nípa rẹ̀ ní yìnyín inú ilẹ̀ tí kì í ṣègbé. Èyí fi hàn pé àṣà fífún ilẹ̀ yìí ní orúkọ àìkú ti wà ṣáájú ọ̀rúndún ogún.

Baer kò fi ìwé nìkan mọ. Ó kọ ìlànà iṣẹ́ fún ọ̀dọ́mọkùnrin kan, Alexander von Middendorff, tí Akadẹ́mì rán lọ sí Sìbéríà láti 1842 sí 1845. Ní 1844, Middendorff sọ̀ kalẹ̀ sínú kànga Shergin. Ó ní kí wọ́n lu ihò sára ògiri kànga náà ní oríṣiríṣi ìjìnlẹ̀, ó ki tẹmọ́mítà bọ inú ihò wọ̀nyẹn, ó sì ń kọ ohun tó bá rí sílẹ̀. Bí ènìyàn bá ṣe ń lọ sísàlẹ̀ ni òtútù ń dín kù díẹ̀díẹ̀. Ní ìsàlẹ̀ pátápátá, ó jẹ́ nǹkan bí ìwọ̀n -3. Láti inú ìṣirò yìí, Middendorff lè fojú díwọ̀n ibi tí dídì náà yóò parí sí. Ìyẹn ni pé àkọsílẹ̀ àkọ́kọ́ tó péye nípa ilẹ̀ ayérayé yìí ló kọ́kọ́ sọ pé ó ní òpin nísàlẹ̀. Kí ó ní òpin nínú àkókò ni ó kù.

Ojú irin àti orúkọ ńlá

Ní 1891, ìjọba Rọ́ṣíà bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ojú irin tí yóò la Sìbéríà já. Ẹ̀ka rẹ̀ tó gba agbègbè odò Amur, tí wọ́n ṣe láti 1908 sí 1916, gba orí ilẹ̀ dídì kọjá. Ibẹ̀ ni ilẹ̀ ti fi ìyà jẹ àwọn ẹnjiníà. Ọkọ̀ ojú irin ayé ìgbà náà ń jẹ èédú, ó sì ń mu omi, omi sì ń dì nínú odò àti nínú páìpù. Ilé ìdúró ọkọ̀ ń là, ògiri ń yẹ̀, òpó afárá ń ru sókè. Omi tó bá dì a máa fẹ̀ sí i ní nǹkan bí ìdá 9 nínú ọgọ́rùn-ún, nítorí náà ilẹ̀ tó mu omi yó tó sì dì yóò ti ohunkóhun tó bá wà lórí rẹ̀. Ní 1916, A. V. Lvov tẹ ìwé jáde lórí bí wọ́n ṣe lè wá omi ní ojú irin apá ìwọ̀-oòrùn Amur. Ìwé àwọn òṣìṣẹ́ ni, ó sì wúlò púpọ̀.

Ní agbègbè Amur yìí kan náà ni Mikhail Sumgin ti ń ṣiṣẹ́ nípa ojú ọjọ́. Ọ̀rọ̀ òṣèlú ló gbé e dé ibẹ̀. Ó wà lára àwọn tó ń bá ìjọba ọba jà, wọ́n sì lé e lọ sí ìgbèkùn. Sumgin ṣa gbogbo àkọsílẹ̀ tó lè rí jọ, ó sì tẹ ìwé ńlá jáde ní Vladivostok ní 1927 lórí ilẹ̀ dídì ayérayé láàárín ààlà Soviet. Ìwé yìí ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kà sí ìbẹ̀rẹ̀ ìmọ̀ náà gẹ́gẹ́ bí ẹ̀ka tó dá dúró.

Nínú ìwé náà, Sumgin fún ilẹ̀ yìí ní ìtumọ̀: ilẹ̀ tí kò kúrò lábẹ́ ìwọ̀n 0 fún ọdún méjì ó kéré tán. Kí òǹkàwé wo èyí dáadáa. Orúkọ ń sọ pé ayérayé; ìtumọ̀ ń sọ pé ọdún méjì. Sumgin fúnra rẹ̀ sì mọ̀ pé ilẹ̀ náà kì í ṣe ayérayé. Èrò rẹ̀ ni pé ohun tó ṣẹ́ kù láti ìgbà yìnyín àtijọ́ ni, àti pé ó ń fà sẹ́yìn díẹ̀díẹ̀ ní ààlà gúúsù rẹ̀. Síbẹ̀ kò fi orúkọ náà sílẹ̀. Ó rí i pé ọ̀rọ̀ náà ń wọ àwọn ènìyàn létí, wọ́n sì ń rántí rẹ̀.

Orúkọ ńlá náà ṣiṣẹ́ fún un. Ìjọba tó fẹ́ ṣẹ́gun Sìbéríà fi etí sí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nípa ọ̀tá ayérayé. Ní 1930, Akadẹ́mì dá Ìgbìmọ̀ kan sílẹ̀ fún ìwádìí ilẹ̀ dídì, wọ́n fi Vladimir Obruchev, àgbà onímọ̀ ilẹ̀, ṣe olórí rẹ̀. Ní 1939, Ìgbìmọ̀ náà di odindi ilé ìwádìí. Sumgin tilẹ̀ dábàá pé kí wọ́n gbẹ́ ilé ọnà sínú ilẹ̀ dídì, kí wọ́n kó òkú ẹranko àti àwọn ohun mìíràn sínú rẹ̀ fún àwọn tí yóò wá láyé lẹ́yìn ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún. Àbá náà ní ìpìlẹ̀: inú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni ọdẹ Evenk kan, Ossip Shumachov, ti rí òkú mámọ́ọ̀tù, ẹranko onírun tó jọ erin, ní 1799 ní ẹnu odò Lena, tí ẹran ara rẹ̀ ṣì wà níbẹ̀ tí ajá ń jẹ. Ní ìlú Igarka, ní 1950, àwọn òṣìṣẹ́ ibùdó ìwádìí fi àwọn ìwé ìròyìn ìgbà Ogun Àgbáyé Kejì pamọ́ sínú ilẹ̀ dídì, wọ́n sì ní kí wọ́n ṣí i ní 2045.

Kì í ṣe gbogbo ènìyàn ló gba orúkọ náà. Sergei Parkhomenko bá Sumgin jiyàn láàárín ọdún 1930 sí 1940 pé ọ̀rọ̀ ayérayé kò yẹ nínú ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì, pé ó ń fi nǹkan pamọ́ ju bí ó ṣe ń fi í hàn lọ. Nígbà tó yá, P. F. Shvetsov àti àwọn mìíràn gbé orúkọ mìíràn kalẹ̀ tó túmọ̀ sí èyí tó ti dì fún ọdún púpọ̀. Orúkọ kejì yìí ni àwọn onímọ̀ Rọ́ṣíà ń lò jù nínú ìwé wọn báyìí. Lẹ́nu àwọn ará ìlú, ayérayé ni ó ṣì jẹ́.

Ilé tó dúró lórí òpó

Nígbà tí àwọn ọ̀mọ̀wé ń jà lórí orúkọ, àwọn kọ́lékọ́lé ń fi ojú ara wọn rí i pé ilẹ̀ náà kò ní sùúrù. Bí wọ́n bá kọ́ ilé lé e lórí bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọ ní Moscow, ooru inú ilé yóò wọ ilẹ̀, yìnyín yóò yọ́, ilẹ̀ yóò di ẹrẹ̀, ilé yóò sì tẹ̀ tàbí kí ó là. Bí ilé bá ṣe móoru tó ni ó ṣe ń gbẹ́ sàréè ara rẹ̀ tó.

Ọ̀nà àbáyọ tí wọ́n rí rọrùn láti sọ, ṣùgbọ́n ó nira láti ṣe. Wọ́n á lu ihò jíjìn sínú ilẹ̀, wọ́n á ri òpó kọnkéré bọ inú rẹ̀, wọ́n á jẹ́ kí ilẹ̀ dì mọ́ òpó náà, wọ́n á sì gbé ilé kalẹ̀ lórí àwọn òpó yìí kí àlàfo lè wà lábẹ́ rẹ̀. Afẹ́fẹ́ òtútù á máa gba àlàfo náà kọjá, ooru ilé kò ní í dé ilẹ̀. Ilé iṣẹ́ mọ̀nàmọ́ná Yakutsk, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1937, wà lára àwọn ilé ńlá tí wọ́n kọ́kọ́ fi àlàfo bẹ́ẹ̀ sí lábẹ́. Ní ìlú Norilsk, Mikhail Kim ló ṣíwájú nínú ìlànà òpó. Ẹlẹ́wọ̀n ni Kim nígbà tó dé Norilsk. Àwọn ẹlẹ́wọ̀n ìjọba Stalin ló fi ẹ̀mí wọn kọ́ ìlú náà, ọ̀pọ̀ nínú wọn ni kò sì padà sílé. Ní 1966, ìjọba tó sọ ọ́ sẹ́wọ̀n fún Kim àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní ẹ̀bùn Lenin fún iṣẹ́ wọn.

Ohun tí ìlànà yìí ń sọ ṣe kókó. Àwọn tó kọ́ ilé lórí òpó kò gba orúkọ ayérayé gbọ́. Wọ́n kọ́lé bí ẹni tó mọ̀ pé ilẹ̀ abẹ́ òun lè yọ́ lọ́la bí òun bá ṣìṣe lónìí. Òótọ́ orúkọ náà kò sí nínú ìwé. Ó wà nínú àlàfo mítà kan sí méjì tí wọ́n fi sílẹ̀ lábẹ́ ilé.

Orúkọ náà rékọjá òkun

Ní 1942, nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà la ọ̀nà gba àríwá Kánádà dé Alaska. Níbi tí wọ́n ti họ koríko àti ewé tó bo ilẹ̀ kúrò, yìnyín yọ́, ọ̀nà di pẹ̀tẹ̀pẹ́tẹ̀, ọkọ̀ sì rì sínú rẹ̀. Wọ́n nílò ìmọ̀ àwọn ará Rọ́ṣíà ní kíá. Siemon Muller, ọ̀jọ̀gbọ́n onímọ̀ ilẹ̀ ní Yunifásítì Stanford, ni ó ṣe iṣẹ́ náà. Ìlú Blagoveshchensk ní etí odò Amur ni wọ́n bí i sí, ó sì lè ka ìwé Sumgin ní èdè tí wọ́n fi kọ ọ́. Ní 1943, ó gbé ìwé kan jáde fún àwọn ológun. Orúkọ tí àwọn ará Rọ́ṣíà ń lò gùn jù fún èdè Gẹ̀ẹ́sì, nítorí náà ó ké ọ̀rọ̀ méjì pọ̀, ó sọ ọ́ ní permafrost. Ìdajì ọ̀rọ̀ náà ń sọ pé títí lọ. Ìdajì kejì ń sọ pé òtútù tó dì. Báyìí ni ayérayé ṣe bá ìtumọ̀ lọ sí ilẹ̀ mìíràn.

Ní 1946, Kirk Bryan ti Yunifásítì Harvard ṣe àtakò. Ó ní ọ̀rọ̀ náà kò dára, ó sì fi èdè Látìn àti Gíríìkì hun àwọn orúkọ tuntun. Ọ̀kan nínú wọn ni pergelisol. Àwọn tó ń sọ Gẹ̀ẹ́sì fi ṣe ẹ̀rín, wọn kò lò ó. Àwọn tó ń sọ Faransé gbà á, títí di òní olónìí òun ni wọ́n ń lò. Bí ọ̀rọ̀ ṣe ń yè tàbí kú kò sí lọ́wọ́ ẹni tó dá a.

Lẹ́yìn ogun, àwọn onímọ̀ apá méjèèjì bẹ̀rẹ̀ sí í pàdé. Ìpàdé àgbáyé àkọ́kọ́ lórí ilẹ̀ dídì wáyé ní Yunifásítì Purdue ní Amẹ́ríkà ní 1963. Ìkejì wáyé ní Yakutsk ní 1973, ní ìlú tí kànga Shergin wà, níbi tí ilé ìwádìí tí Pavel Melnikov ṣe olórí rẹ̀ ti fìdí kalẹ̀. Ẹgbẹ́ àgbáyé fún ìmọ̀ náà sì di dídá sílẹ̀ ní 1983.

Nígbà tí ayérayé bẹ̀rẹ̀ sí í yọ́

Ní ẹ̀bá ìlú Batagai, ní àríwá Yakutia, wọ́n gé igbó kan ní nǹkan bí ọdún 1960 sí 1969. Ilẹ̀ tí òjìji igi kò bò mọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í yọ́, ó ń rì, ó sì ń fẹ̀ sí i lọ́dọọdún. Lónìí, kòtò náà gùn tó nǹkan bí kìlómítà kan, ó sì jìn ní ọ̀pọ̀lọpọ̀ mítà. Wọn kò lè tì í padà.

Ní oṣù Agẹmọ 2016, ooru mú gan-an ní ilẹ̀ Yamal. Àrùn anthrax bẹ́ sílẹ̀ láàárín àwọn darandaran ìbílẹ̀ níbẹ̀. Ó lé ní 2,000 àgbọ̀nrín ilẹ̀ òtútù tó kú, ọmọkùnrin ọdún méjìlá kan sì kú pẹ̀lú. Àwọn onímọ̀ so ó pọ̀ mọ́ kòkòrò àrùn àtijọ́ tó wà nínú ilẹ̀ tí ooru yọ́. Ilẹ̀ tí Sumgin fẹ́ fi ṣe àpótí ìṣúra ti ń tọ́jú ohun mìíràn pẹ̀lú.

Ní oṣù Èbìbí 2020, ọ̀gbàrá epo dísù tó tó nǹkan bí 21,000 tọ́ọ̀nù tú jáde láti inú táńkì kan ní Norilsk, ó sì wọ inú odò. Àwọn tó ni táńkì náà ní ilẹ̀ tó yọ́ ló jẹ́ kí òpó abẹ́ rẹ̀ rì. Àwọn olùṣàyẹ̀wò ìjọba tọ́ka sí àbùkù ìkọ́lé àti àìbójútó. Méjèèjì ni kò ta ko ara wọn. Ẹni tó gbà pé ilẹ̀ òun kì í yẹ̀ kì í yẹ òpó rẹ̀ wò.

Èyí tó tóbi jù kò ṣe é fojú rí. Nínú ilẹ̀ dídì àríwá ayé, àwọn gbòǹgbò, ewé àti òkú ẹranko tí kò jẹrà kó kábọ̀ọ̀nù tó tó nǹkan bí ìlọ́po méjì èyí tó wà nínú afẹ́fẹ́ gbogbo ayé. Bí ilẹ̀ bá ń yọ́, kòkòrò inú rẹ̀ yóò bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ àwọn nǹkan wọ̀nyí, èéfín rẹ̀ yóò sì bọ́ sínú afẹ́fẹ́, ooru ayé yóò sì pọ̀ sí i. Àwọn Sakha pẹ̀lú ń rí i lójú ara wọn: pápá tó tẹ́jú di gegele, buluus ń kún fún omi, ilé onígi ń dagun. Alaas tuntun ń yọ, ṣùgbọ́n ó ń yọ lábẹ́ ilé àti lábẹ́ oko, ní ibi tí ẹnikẹ́ni kò pè é sí.

Àgbálọgbábọ̀

Ìtàn yìí ti fi hàn pé àṣìṣe kò sí nínú ìmọ̀ náà. Shergin gbẹ́lẹ̀, Middendorff wọn òtútù, Sumgin kọ ọ́ pé ọdún méjì péré ni ìtumọ̀ rẹ̀ ń béèrè, àwọn kọ́lékọ́lé sì fi àlàfo sí abẹ́ ilé. Àwọn tó sún mọ́ ilẹ̀ náà jù ló mọ̀ jù pé ó lè yí padà. Orúkọ nìkan ló ń sọ ohun mìíràn, ó sì sọ ọ́ fún ọ̀pọ̀ ènìyàn tí kò ráyè ka ìtumọ̀. Orúkọ ọmọ ni ìjánu ọmọ. Ìjánu tí wọ́n fi sí ẹnu ilẹ̀ yìí kò lè dá a dúró.

Ọ̀rọ̀ kan orí èdè Yorùbá báyìí. Àwọn olùkọ́ àti àwọn akọ̀wé ìròyìn ti ń nílò orúkọ fún ilẹ̀ yìí, nítorí ọ̀rọ̀ ooru ayé kò yọ ẹnikẹ́ni sílẹ̀ mọ́. Ẹni tó bá túmọ̀ ọ̀rọ̀ Muller tààrà yóò sọ ọ́ ní ilẹ̀ adìtítíláé, yóò sì gbé àṣìṣe ọ̀rúndún kan wọlé pẹ̀lú rẹ̀. Ilẹ̀ adìpẹ́ sàn ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ó kúrú, ó dùn ún pè, ó sì bá orúkọ tí Shvetsov àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé kalẹ̀ mu. Ó ń sọ pé ilẹ̀ náà ti dì fún ìgbà pípẹ́, kò sì ṣèlérí ohun tí ilẹ̀ náà kò lè mú ṣẹ.